Finanzamt dákẹ́ lórí Einspruch mi: ṣé mo lè gbé wọn lọ sí kóòtù?

Ìbéèrè: Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ̀gbọ́n. Nọ́ọ̀sì ni mí ní Dortmund. Nínú owó orí ọdún 2023, mo kọ ọ́ sílẹ̀ pé mò ń fi 250 Yúrò ránṣẹ́ lóṣooṣù sí bàbá mi, mo ń fi 250 ránṣẹ́ sí màmá mi, Ọ̀yọ́ sì ni àwọn méjèèjì ń gbé. Mo tún kọ 100 tí mò ń fún àbúrò mi ọkùnrin tó wà ní yunifásítì. Finanzamt, ìyẹn ọ́fíìsì owó orí, yọ gbogbo rẹ̀ dànù, wọ́n ní ẹ̀rí kò tó. Oṣù kan tí wọ́n fún mi kò tíì pé tí mo fi kọ Einspruch, ìyẹn ìwé àtakò, mo sì fi ìwé kún un. Wọ́n fèsì ẹyọ kan pé àwọn ti rí i gbà. Láti ìgbà náà, oṣù kọkànlá rèé, mi ò gbọ́ nǹkan kan mọ́. Ẹnìkan ní ṣọ́ọ̀ṣì wa ní kí n pè wọ́n lẹ́jọ́. Ẹlòmíràn ní tí mo bá dán an wò, wọ́n á fi orúkọ mi ránṣẹ́ sí Ausländerbehörde, ọ́fíìsì tó ń rí sí ìwé àwọn àjèjì, wọn ò sì ní tún ìwé ìgbélùú mi ṣe mọ́. Kí ni kí n ṣe? Bí kóòtù náà bá tún wá ń fi falẹ̀ ńkọ́? Ìyá Ìbejì, Dortmund.

Ìdáhùn: Ìyá Ìbejì, ẹ kú ìfaradà. Bẹ́ẹ̀ ni, ẹ lè gbé wọn lọ sí kóòtù. Oṣù mẹ́fà ni òfin ní kí ẹ fi mú sùúrù, ẹ ti mú sùúrù oṣù mọ́kànlá. Ṣùgbọ́n kí ẹ tó mú gègé, ohun kan wà tí mo fẹ́ kí ẹ mọ̀, torí òun ló ń kó ọ̀pọ̀ èèyàn sí wàhálà. Ẹjọ́ yìí kì í ṣe ẹjọ́ tí a fi ń sọ fún Finanzamt pé "ẹ dá mi lóhùn". Ẹjọ́ owó orí yín gan-an ni, látòkè délẹ̀, tí ẹ gbé fo Finanzamt kọjá lọ síwájú adájọ́. Ẹni tó bá débẹ̀ pẹ̀lú ìbínú nìkan, tí kò kó ẹ̀rí dání, wéré ni yóò pàdánù ohun tí ì bá rọra pàdánù nílé.

Ẹ jẹ́ ká mú ọ̀rọ̀ ẹ̀rù kúrò lọ́nà ná. Ẹni tó sọ fún yín pé ìwé ìgbélùú yín á wọ gàù kò mọ ohun tó ń sọ. Òfin ìlànà owó orí, tí wọ́n ń gé kúrú sí AO, sọ ọ́ ní abala 30 pé àṣírí ni fáìlì yín, Finanzamt kò gbọdọ̀ máa gbé e kiri bó ṣe wù ú. Kò sì síbi tí wọ́n ti kọ ọ́ pé ẹni tó bá pẹjọ́ owó orí ti ṣẹ ìjọba. Kóòtù 18 ni wọ́n dá sílẹ̀ káàkiri Jámánì tó jẹ́ pé ẹjọ́ owó orí, ẹjọ́ kọ́sítọ́ọ̀mù àti ẹjọ́ owó ọmọ, ìyẹn Kindergeld, ni iṣẹ́ wọn. Finanzgericht lorúkọ wọn. Ẹ̀yin tí ẹ wà ní Dortmund, ti Münster ni tiyín. Mo mọ̀ pé nílé wa, bí èèyàn bá ní òun fẹ́ pe àwọn agbowó orí lẹ́jọ́, gbogbo ẹbí ló máa kóra jọ wá bẹ̀ ẹ́. Níhìn-ín, òṣìṣẹ́ tó ń bójú tó fáìlì yín kàn máa kọ nọ́ḿbà ẹjọ́ sí ẹ̀yìn rẹ̀ ni, á sì lọ jẹun ọ̀sán.

Ó yá, òfin fúnra rẹ̀. Bó ṣe máa ń rí ni pé Finanzamt ló máa kọ́kọ́ dájọ́ lórí Einspruch kí èèyàn tó lè dé kóòtù. Ìwé ìdájọ́ yẹn ni wọ́n ń pè ní Einspruchsentscheidung. Tí òfin bá dúró síbẹ̀, kò sóhun tí Finanzamt tó mọ̀ pé òun kò ní ẹjọ́ rere máa ṣe ju kó gbé Einspruch sínú dúrọ́ọ̀ kó sì máa wò yín níran. Abala 46 nínú òfin àwọn kóòtù owó orí, FGO, ló dí ihò yẹn. Ó ní bí wọn kò bá dájọ́ láàárín àsìkò tó bójú mu, tí wọn kò sì sọ ìdí pàtàkì kan fún yín, ẹ lè wọ kóòtù láìdúró dè wọ́n mọ́. Untätigkeitsklage ni orúkọ ẹjọ́ náà, ẹjọ́ nítorí àìṣiṣẹ́. Kí oṣù mẹ́fà tó pé láti ọjọ́ tí ẹ ti fi Einspruch sílẹ̀, kóòtù kì í gbà á, àyàfi bí ọ̀rọ̀ náà bá jẹ́ kánjúkánjú lọ́nà àrà ọ̀tọ̀.

Ẹ wo ọ̀rọ̀ náà dáadáa: "tí wọn kò sì sọ ìdí fún yín". Kò tó kí ìdí wà lọ́kàn wọn, wọ́n gbọ́dọ̀ jẹ́ kí ẹ mọ̀. Lẹ́tà tó ní "a ti rí i gbà" kò sọ ìdí kankan. Àmọ́ ẹ yẹ àpótí lẹ́tà yín wò lẹ́ẹ̀kan sí i, ẹ wo ELSTER náà, ìyẹn ojúlé owó orí lórí íńtánẹ́ẹ̀tì, tó bá jẹ́ pé ibẹ̀ lẹ ti ń gba ìwé. Mo ti rí ẹni tó ń pariwo ìdákẹ́ Finanzamt nígbà tó jẹ́ pé òun gan-an ni wọ́n ń retí: wọ́n ti béèrè ìwé lọ́wọ́ rẹ̀ láti oṣù mẹ́rin sẹ́yìn, ó fi lẹ́tà náà sábẹ́ tẹlifíṣọ̀n. Bó bá rí bẹ́ẹ̀, ìdí wọn ti tó, ẹjọ́ yín á fò ṣánlẹ̀. Ìdí kejì tó máa ń tó ni bí ẹjọ́ irú tiyín bá wà níwájú Bundesfinanzhof, kóòtù owó orí tó ga jù, ní Munich, tàbí níwájú kóòtù òfin orílẹ̀-èdè wọn ní Karlsruhe, tàbí níwájú kóòtù Yúróòpù ní Luxembourg, tí ẹ sì fi ẹjọ́ ọ̀hún gbe Einspruch yín lẹ́sẹ̀. Abala 363 AO ní kí Einspruch bẹ́ẹ̀ sinmi títí wọn yóò fi dájọ́ lókè. Ẹ lè ní kí wọ́n jí i padà bí ẹ kò bá fẹ́ kó sinmi mọ́, ṣùgbọ́n ẹ gbọ́dọ̀ kọ ọ́ sí wọn kí ẹ tó máa ka oṣù. Tí wọ́n bá sì ní àwọn kò ní òṣìṣẹ́ tó, tó wá jẹ́ pé bó ṣe rí lọ́dọọdún nìyẹn, adájọ́ kì í sábà fi ìyẹn ṣe ìdí.

Àwọn kan tún máa ń bi mí bóyá ìdákẹ́ náà kò ti di ìdáhùn fúnra rẹ̀. Ní Faransé, bí oṣù mẹ́fà bá ré kọjá láìsí èsì, èèyàn lè ka ìdákẹ́ sí "rárá" kó sì gba kóòtù lọ. Ti Jámánì kò rí bẹ́ẹ̀. Ìdákẹ́ wọn kì í di bẹ́ẹ̀ ni, kì í sì í di bẹ́ẹ̀ kọ́. Einspruch yín ṣì wà láàyè, kò sì sí ọjọ́ tí wọ́n dá fún yín tó jẹ́ pé bí ẹ kò bá pẹjọ́ lọ́jọ́ náà, ó tán. Ìyẹn ni pé ẹ ní àyè láti múra.

Ìmúra yẹn ṣe kókó, torí adájọ́ Münster kò ní bi Finanzamt pé "kí ló dé tí ẹ ò dá obìnrin yìí lóhùn?" kó sì tú yín ká. Ohun tó máa bi yín ni: ta lẹ fi owó ránṣẹ́ sí, èló, lọ́jọ́ wo, kí ló fi hàn pé wọn kò ní ohun tí wọ́n fi ń jẹun? Bí ẹ bá kọ ọ́ sínú ìwé ẹjọ́ pé kóòtù kàn gbọ́dọ̀ pàṣẹ kí Finanzamt fèsì, wọ́n lè dá a padà fún yín, torí kì í ṣe ohun tí abala 46 wà fún nìyẹn. Ohun tí ẹ máa béèrè ni pé kí wọ́n ṣàtúnṣe Bescheid owó orí 2023 yín, ìyẹn ìwé tí wọ́n fi ṣírò owó orí fún yín, kí wọ́n yọ owó tí ẹ fi ń bọ́ àwọn òbí yín kúrò nínú owó tí wọ́n ń gba orí lé.

Èló wá ni? Níbí ni mo fẹ́ kí ẹ ti gbé pẹ́ńsù àti ìwé. Abala 33a nínú òfin owó orí Jámánì ló fún yín láyè láti yọ owó tí ẹ fi ń tọ́jú ẹni tí òfin ní kí ẹ máa tọ́jú. Ní 2023, iye tó pọ̀ jù fún ẹnì kan jẹ́ 10,908 Yúrò. Ṣùgbọ́n wọ́n ti pín àwọn orílẹ̀-èdè ayé sí ìsọ̀rí bí ọjà ṣe wọ́n sí níbẹ̀. Nàìjíríà wà ní ìsọ̀rí ìkẹyìn, ìdá kan nínú mẹ́rin péré ni wọ́n ń gbà, tó jẹ́ 2,727 Yúrò fún ẹnì kan. Ẹ̀yin fi 3,000 ránṣẹ́ sí bàbá láàárín ọdún, ẹ fi 3,000 ránṣẹ́ sí màmá. 2,727 ni wọ́n lè gbà lórí ẹnì kọ̀ọ̀kan, àpapọ̀ 5,454. Tí owó oṣù nọ́ọ̀sì yín bá wà níbi tí ọgbọ̀n nínú ọgọ́rùn-ún ti ń lọ fún ìjọba lórí Yúrò tó kẹ́yìn, ohun tó máa padà sọ́wọ́ yín tó nǹkan bí 1,600 Yúrò. Ohun tí ẹ ń jà fún nìyẹn. Kò kéré, kò sì tó ilé kíkọ́.

Owó àbúrò yín, ẹ gbàgbé rẹ̀. Mo mọ̀ pé yóò dùn yín. Lójú tiwa, ẹni tí a jọ mu ọmú kan náà, tí bàbá ti dàgbà tí kò lè san owó ilé-ìwé mọ́, ta ló kù tí yóò san án bí kì í ṣe ẹni tó wà lókè òkun? Ṣùgbọ́n òfin Jámánì kò mọ ẹ̀gbọ́n àti àbúrò nínú ọ̀rọ̀ yìí. Òbí sí ọmọ, ọmọ sí òbí, ọkọ sí aya ni wọ́n mọ̀. Bí ẹ bá gbé 1,200 Yúrò tí ẹ fún àbúrò yín lọ́dún wọ kóòtù, apá ibẹ̀ lẹ ti máa pàdánù, wọ́n á sì pín owó kóòtù lé yín lórí níwọ̀n bó ṣe yẹ. Ẹ yọ ọ́ kúrò kí ẹ tó bẹ̀rẹ̀.

Nípa ẹ̀rí: fọ́ọ̀mù kan wà tí wọ́n ń pè ní Unterhaltserklärung, ọ̀kan fún bàbá, ọ̀kan fún màmá. Wọ́n á kọ ọjọ́ orí wọn síbẹ̀, iṣẹ́ wọn, owó tó ń wọlé fún wọn àti dúkìá wọn, àwọn aláṣẹ ìlú sì gbọ́dọ̀ bu òǹtẹ̀ lu apá tiwọn. Ẹ bá wọn wá a lọ sí ìjọba ìbílẹ̀. Ìwé báńkì tàbí rìsíìtì owó tí ẹ fi ránṣẹ́, ẹ tò wọ́n lóṣooṣù, kí orúkọ bàbá hàn lórí ti bàbá, kí orúkọ màmá hàn lórí ti màmá. Tí ó bá jẹ́ àkáǹtì àbúrò ni gbogbo owó ń gbà, ẹ mọ̀ pé ibẹ̀ ni wọ́n máa dúró sí. Láti 2025 ni òfin tiẹ̀ ti wá le sí i: bó bá jẹ́ owó ni, àfi èyí tó bá wọ àkáǹtì ẹni tí ẹ ń tọ́jú gan-an. Owó tí ẹ bá fi rán ẹni tó ń lọ sílé kò wúlò mọ́ lójú wọn. Ọdún 2023 ni tiyín, òfin àtijọ́ ló dè é, àmọ́ ẹ yáa bá bàbá àti màmá ṣí àkáǹtì bí wọn kò bá tíì ní.

Ẹ má fi ẹ̀rí kankan pamọ́ de adájọ́ o. Àwọn kan rò pé ó dára kí ọ̀tá má rí ohun tó wà lápò àwọn. Abala 137 nínú FGO wà fún irú wọn: bí ẹ bá jàre nítorí ìwé tí ẹ ì bá ti fún Finanzamt tẹ́lẹ̀, adájọ́ lè dá yín láre kó sì ní kí ẹ̀yin san owó kóòtù. Èlé tí mo máa sọ nípa rẹ̀ níwájú náà á bọ́. Nítorí náà, bí ìwé òǹtẹ̀ láti Ọ̀yọ́ bá dé lónìí, ọ̀la ni kó dé ọwọ́ Finanzamt.

Ohun mìíràn kan wà tí kì í jẹ́ kí n sọ fún gbogbo èèyàn pé kí wọ́n lọ fi igi gún ejò tó ń sùn. Nígbà tí Einspruch ṣì wà lọ́wọ́ Finanzamt, wọ́n láṣẹ láti tún gbogbo fáìlì ọdún náà yẹ̀ wò, títí kan ohun tí ẹ kò ṣàtakò sí. Bí wọ́n bá rí i pé wọ́n ti fún yín ní ohun tí kò tọ́ sí yín, bóyá ọ̀nà ibi iṣẹ́ tí ẹ kọ ní 30 kìlómítà tó jẹ́ pé 19 ni, wọ́n lè fi kún owó orí yín. Wọ́n gbọ́dọ̀ kìlọ̀ fún yín kí wọ́n tó ṣe é, ẹ sì lè yára fa Einspruch náà padà kí nǹkan lè wà bó ṣe wà. Tó bá ti dé kóòtù, adájọ́ kò lè ṣe é kó burú fún yín ju bí Bescheid ṣe wà lọ. Ṣùgbọ́n ẹ ka ìwé owó orí yín láti ojú ewé àkọ́kọ́ dé ìkẹyìn kí ẹ tó kan ilẹ̀kùn ẹnikẹ́ni.

Bí gbogbo ìyẹn bá ti wà létò, ẹ kọ lẹ́tà kan sí Finanzamt ná. Kì í ṣe dandan lójú òfin, ṣùgbọ́n ó máa ń ṣiṣẹ́, sítáǹpù lẹ́tà kan sì ni gbogbo ìnáwó rẹ̀. Kó má gùn. Ọjọ́ tí ẹ kọ Einspruch, nọ́ḿbà owó orí yín, ìbéèrè pé ibo ni ọ̀rọ̀ dé, àti gbólóhùn kan pé bí ẹ kò bá rí ìdájọ́ láàárín ọ̀sẹ̀ mẹ́rin, ẹ máa pẹjọ́ lábẹ́ abala 46 FGO. Kò sí èébú, kò sí ìtàn ìyà tó jẹ yín. Ọ̀pọ̀ fáìlì tó ti sùn fún ọdún kan ló ti jí dìde nítorí nọ́ḿbà 46 yẹn, torí òṣìṣẹ́ náà mọ̀ pé bí ẹjọ́ bá dé, òun ló máa kọ̀wé àlàyé sí kóòtù.

Bí ọ̀sẹ̀ mẹ́rin bá kọjá láìsí nǹkan kan, ẹ pẹjọ́. Kò pọn dandan kí ẹ gba lọ́yà ní Finanzgericht, ẹ lè ṣe é fúnra yín, èdè Jámánì nìkan ni wọ́n ń gbà. Ẹ kọ orúkọ yín, orúkọ Finanzamt tí ẹ ń pè lẹ́jọ́, ọjọ́ tó wà lórí Bescheid, ọjọ́ Einspruch, ohun tí ẹ ń béèrè àti ìdí rẹ̀, ẹ fọwọ́ sí i, ẹ fi ẹ̀dà àwọn ìwé kún un, ẹ fi ránṣẹ́ nípọ́ọ̀sì. Ẹni tí kò lè kọ ọ́ lè lọ sí ọ́fíìsì kóòtù kó sọ ọ́ fún akọ̀wé wọn, wọn á bá a kọ ọ́ sílẹ̀. Ímeèlì lásán kò tó. Einspruch lè gba ímeèlì lọ, àmọ́ ẹjọ́ kò lè gba ibẹ̀.

Kóòtù á ní kí ẹ san owó ní kíá, díẹ̀ lé ní 300 Yúrò, torí wọ́n kì í ka iye ẹjọ́ sí ohun tó kéré sí 1,500 Yúrò. Bí ẹ bá fa ẹjọ́ padà kí ó tó jìnnà, ìdajì rẹ̀ á padà bọ̀. Ẹni tó bá jẹ̀bi ló ń sanwó. Ohun tí ọ̀pọ̀ èèyàn kò mọ̀ ni pé bí ẹ̀yin bá tiẹ̀ jẹ̀bi, Finanzamt kò lè ní kí ẹ san owó wàhálà tòun. Abala 139 FGO sọ bẹ́ẹ̀ gbangba. Nítorí náà, ewu ẹni tó ṣe ẹjọ́ rẹ̀ fúnra rẹ̀ kò ju owó kóòtù lọ.

Kí ló wá kàn? Adájọ́ lè dá ẹjọ́ dúró díẹ̀ kó sì dá ọjọ́ fún Finanzamt pé kó dájọ́ kó tó di ọjọ́ báyìí. Bí wọ́n bá gba gbogbo ohun tí ẹ wí láàárín ọjọ́ yẹn, ẹjọ́ parí, àwọn ni yóò san owó kóòtù. Bí wọ́n bá wí pé rárá, ẹ má lọ pe ẹjọ́ tuntun o. Ẹjọ́ tó wà nílẹ̀ náà ló máa tẹ̀ síwájú, ìdájọ́ wọn á wọ inú rẹ̀, ẹ kàn máa kọ̀wé sí adájọ́ pé ẹ kò gbà. Bí wọ́n bá gba ti màmá tí wọ́n kọ ti bàbá, ti bàbá ló kù láti jà fún.

Mo ní mo máa sọ nípa èlé. Láti ọjọ́ tí ẹjọ́ bá ti wọ kóòtù, bí ẹ bá jàre, ìjọba á san èlé ìdajì ìdá kan nínú ọgọ́rùn-ún lóṣù lórí owó tó yẹ kí ó padà sọ́wọ́ yín. Lórí 1,600, 8 Yúrò lóṣù nìyẹn. Ẹni tí kò pẹjọ́, tó kàn dúró, 0.15 nínú ọgọ́rùn-ún lóṣù ni tirẹ̀ lórí owó orí tó padà, wọn kì í tilẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í kà á títí àsìkò ìdúró kan fi máa kọjá lẹ́yìn ọdún owó orí náà. Lórí 1,600 yẹn, 2 Yúrò àti 40 sẹ́ńtì ni. Wọn kì í san méjèèjì papọ̀ fún oṣù kan náà. Kì í ṣe pé kí ẹ pẹjọ́ torí 8 Yúrò, ṣùgbọ́n ẹ rí i pé sùúrù ọlọ́jọ́ gbọọrọ kò ní èrè lọ́dọ̀ wọn.

Ẹ kò sọ bóyá owó ni wọ́n tún ní kí ẹ san lórí Bescheid náà. Bó bá rí bẹ́ẹ̀, ẹ mọ̀ pé Einspruch kì í dá owó dúró. Ẹ gbọ́dọ̀ béèrè Aussetzung der Vollziehung lọ́tọ̀, pé kí wọ́n dá gbígba owó náà dúró. Bí wọ́n bá tún dákẹ́ lórí ìyẹn, tàbí tí wọ́n bá ti ń halẹ̀ pé àwọn máa gbẹ́sẹ̀ lé owó oṣù yín, abala 69 FGO jẹ́ kí ẹ gba kóòtù lọ ní kíákíá lórí rẹ̀ láìdúró de oṣù mẹ́fà. Bí ẹ bá pàdánù nígbẹ̀yìn, ẹ̀yin náà á san èlé ìdajì ìdá kan nínú ọgọ́rùn-ún yẹn lóṣù lórí owó tí wọ́n dá dúró.

Ẹlòmíràn tó ń ka èyí lè jẹ́ pé Bescheid gan-an ni kò tíì rí gbà: ó ti fi ìwé owó orí rẹ̀ sílẹ̀, ọdún ti fẹ́rẹ̀ẹ́ yípo, wọn kò ṣírò nǹkan kan fún un. Ìyẹn kò lè fo sínú kóòtù. Á kọ́kọ́ kọ Einspruch nítorí àìṣiṣẹ́ lábẹ́ abala 347 AO, oṣù mẹ́fà tuntun á sì bẹ̀rẹ̀ láti ibẹ̀.

Ìbéèrè yín tó kẹ́yìn ni pé bí kóòtù náà bá falẹ̀ ńkọ́. Ní Nàìjíríà, òfin orílẹ̀-èdè 1999, abala 294, fún àwọn kóòtù tó dá sílẹ̀ ní 90 ọjọ́ láti ka ìdájọ́ lẹ́yìn tí àwọn lọ́yà bá ti sọ ọ̀rọ̀ ìkẹyìn. Jámánì kò ní irú nọ́ḿbà bẹ́ẹ̀. Fún ìgbà pípẹ́ ni kò tilẹ̀ sí nǹkan kan tí èèyàn lè ṣe sí kóòtù tó falẹ̀, títí kóòtù ẹ̀tọ́ ọmọnìyàn ní Strasbourg fi na ìka sí wọn. Nínú ẹjọ́ Rumpf ní oṣù kẹsàn-án ọdún 2010, lórí ẹjọ́ ìwé àṣẹ ìbọn kan tó gbà ju ọdún 13 lọ, wọ́n sọ fún Jámánì pé kó wá ojútùú sí i láàárín ọdún kan. Òfin tuntun bẹ̀rẹ̀ ní 3 Oṣù Kejìlá 2011, abala 198 nínú òfin ìgbékalẹ̀ àwọn kóòtù, GVG. Ó kan Finanzgericht náà, bó tilẹ̀ jẹ́ pé Strasbourg fúnra rẹ̀ ti sọ ní 2001, nínú ẹjọ́ Ferrazzini láti Ítálì, pé ẹjọ́ owó orí lásán kò sí lára ẹjọ́ tí òun ń dáàbò bò lórí ọ̀rọ̀ àsìkò. Èyí jẹ́ ibi kan tí mo ti gbóríyìn fún Jámánì: wọ́n fún àwọn asanwó-orí ní ohun tí Strasbourg kò fi dandan lé wọn.

Bó ṣe ń ṣiṣẹ́ rèé. Bí ẹ bá rí i pé ẹjọ́ náà ti ń sùn, ẹ kọ̀wé sí adájọ́ tó ni ín lọ́wọ́ pé ẹ ń ráhùn lórí ìfalẹ̀. Verzögerungsrüge ni wọ́n ń pè é. Bí ẹ kò bá kọ ọ́, ẹ kò lè gba kọ́bọ̀. Bí ẹ bá kọ ọ́ láìtọ́jọ́, kò wúlò. Bundesfinanzhof ti ṣàlàyé nínú ìdájọ́ oṣù kọkànlá 2013 pé nínú ẹjọ́ tó wọ́pọ̀, kò sí ẹ̀sùn lọ́rùn kóòtù bó bá ti bẹ̀rẹ̀ sí í ṣiṣẹ́ gidi lórí ẹjọ́ ní nǹkan bí ọdún méjì àti díẹ̀ lẹ́yìn tó wọlé, tí kò sì tún gbé e sílẹ̀ mọ́. Ìráhùn yín sì máa ń nà dé nǹkan bí oṣù mẹ́fà sẹ́yìn péré, nítorí náà ẹni tó bá fi ọdún mẹ́rin dákẹ́ kó tó ráhùn ti sọ owó nù. Ẹ kọ ọjọ́ ọdún méjì náà sórí kàlẹ́ńdà láti ìsinsìnyí.

Tó bá jẹ́ pé wọ́n falẹ̀ lóòótọ́, owó gbà-má-bínú jẹ́ 1,200 Yúrò fún ọdún kọ̀ọ̀kan tí wọ́n fi falẹ̀, 100 lóṣù. Ẹ kò ní láti fi hàn pé ó pa yín lára, òfin ti gbà bẹ́ẹ̀ ṣáájú. Ó kéré tán, oṣù mẹ́fà gbọ́dọ̀ kọjá lẹ́yìn ìráhùn kí ẹ tó béèrè rẹ̀, kò sì gbọdọ̀ ju oṣù mẹ́fà lọ lẹ́yìn tí ẹjọ́ bá ti parí pátápátá. Munich ni wọ́n ti ń gbọ́ ọ, ní Bundesfinanzhof tààrà, níbẹ̀ ni ẹ kò ti lè dá dúró láìní lọ́yà tàbí Steuerberater, ìyẹn agbaninímọ̀ràn owó orí. Ẹ má sì ṣe àṣìṣe tí mo ń gbọ́ lẹ́nu àwọn èèyàn wa: oṣù mọ́kànlá tí Finanzamt fi dákẹ́ kò sí nínú ìṣirò yẹn. Abala 198 kò mọ Finanzamt, kóòtù nìkan ló mọ̀. Ti Finanzamt, abala 46 ni.

Ohun kan ṣoṣo ló lè yí gbogbo èyí padà kí ẹ tó pẹjọ́: kí Einspruchsentscheidung ṣàdédé dé. Bó bá dé, tó sì jẹ́ rárá, ìgbà náà ni ọjọ́ wá wà fún yín. Oṣù kan ni. Wọ́n máa ń kà á láti ọjọ́ kẹrin lẹ́yìn tí wọ́n fi lẹ́tà náà sí pọ́ọ̀sì, bí ẹ bá ṣí i, bí ẹ kò bá ṣí i. Bí ẹ bá ń lọ sílé fún Kérésìmesì, ẹ fún ẹnìkan ní kọ́kọ́rọ́ àpótí lẹ́tà yín.